Ọkọ̀ Igi Nínú Oòrùn Tẹ́ṣàn

Bí ẹ bá fẹ́ pa ọkọ̀ igi láì fi àáké kàn án, ẹ má da ara yín láàmú. Ẹ ní kí ọlọ́pàá wá gbé e lọ sí tẹ́ṣàn, kí wọ́n pè é ní ẹ̀rí, kí wọ́n sì gbé e kalẹ̀ sínú oòrùn. Ọyẹ́ yóò bá yín parí ìyókù. Mo fi ojú mi rí i. Inú tó bí mi nígbà náà kò tíì rọ̀, mi ò sì bẹ Ọlọ́run pé kó rọ̀.

Morádéún ni orúkọ obìnrin tó ni ọkọ̀ náà. Ọmọ Ìlàjẹ ni, ṣùgbọ́n Marine Beach ló gbọ́njú sí, torí ọmọ ọwọ́ ni nígbà tí bàbá rẹ̀ tó jẹ́ apẹja gbé e wá sí Èkó. Kò tíì mọ ìrìn rìn tán tó ti ń di àjẹ̀ mú. Obìnrin kúkúrú ni, apá rẹ̀ yi, ẹnu rẹ̀ sì mú. Bí o bá bú u ní Yorùbá, á fi èdè Ìlàjẹ dá ọ lóhùn. Bí o bá gbọ́ ìyẹn, á bọ́ sí píjìn. Kí ilẹ̀ tó ṣú, ìwọ ni wàá máa bẹ̀bẹ̀.

Èmi Sànúsí, òṣìṣẹ́ wáàfù ni mí ní Àpápá, Ajégúnlẹ̀ ni mo sì ń gbé. Iṣẹ́ wa ni ká máa já ẹrù nínú àwọn ọkọ̀ òkun. Èyí tí kò bá ráyè gúnlẹ̀ nínú wọn, àárín omi ló máa ń dúró sí, Morádéún ló sì máa ń fi ọkọ̀ rẹ̀ gbé èmi àti àwọn ẹlẹgbẹ́ mi lọ bá a. Bí ìgbì bá gbé wa sókè tó sọ wá kalẹ̀, àwọn ọkùnrin tó máa ń lérí ní Ajégúnlẹ̀ á máa pe Jésù, àwa yòókù á máa pe Ọlọ́hun. Òun á máa fi wá rẹ́rìn-ín.

"Ẹ fọkàn balẹ̀ jàre," á ní. "Ẹni tó bá kú sínú ọkọ̀ mi, mi ò ní gba owó ọkọ̀ lọ́wọ́ ẹ̀."

Kò sẹ́ni tó kú sínú ọkọ̀ yẹn rí.

Ọkọ rẹ̀, Ovie, ọmọ Urhobo, ẹgbẹ́ wa ni níbi iṣẹ́. Òun ló lọ gé igi ìrókò kan ní oko bàbá rẹ̀ ní ìlú wọn, tó gbẹ́ ẹ níbẹ̀, tó sì so ó mọ́ ẹ̀yìn àwọn igi gẹdú tí wọ́n ń wọ́ gba orí omi bọ̀ wá sí Èkó. Nígbà tó dé, òun àti ìyàwó rẹ̀ jọ kan pákó mọ́ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kó lè ga sí i, wọ́n fi òwú dí ojú ibi tí pákó ti pàdé, wọ́n sì fi ọ̀dà gbígbóná kùn ún. Ọ̀dà yẹn bó Morádéún lọ́wọ́. Àpá rẹ̀ ṣì wà níbẹ̀ títí di òní.

Ní Marine Beach, ọkọ̀ tuntun kì í kan omi láìjẹ́ pé a pe orúkọ ẹni tó ni ín. Ẹni tó kàn án á da ọtí sí i nímú lójú gbogbo èrò etí omi, á sì sọ orúkọ kan ketekete. Orúkọ tí a bá gbọ́ lọ́jọ́ náà, òun ló ni ọkọ̀. Ovie da ọtí, ó ní, "Morádéún." Mo wà níbẹ̀. Àwọn ọkùnrin fi í ṣe yẹ̀yẹ́ pé ìyàwó ti gba ṣòkòtò nídìí ẹ̀.

"Ẹ máa rẹ́rìn-ín," Ovie wí. "Na she sabi water. Èmi, wáàfù ni mo mọ̀. Omi ń bà mí lẹ́rù."

Ibà ló pa Ovie, nígbà tó ku díẹ̀ kí àwọn ọkọ̀ òkun tí ìjọba fi kó sìmẹ́ǹtì wọlé tó dí gbogbo ojú omi Èkó. A gbé òkú rẹ̀ lọ sí ìlú wọn. Morádéún ṣe opó rẹ̀ bí wọ́n ṣe ń ṣe é ní ìlú ọkọ rẹ̀, kò yọ ọ̀kan sílẹ̀ nínú rẹ̀. Nígbà tó padà dé, ó gbé àjẹ̀ rẹ̀. Akpevwe, ọmọbìnrin kan ṣoṣo tí wọ́n bí, wà ní ilé ìwé. Ọkọ̀ yẹn ló ń bọ́ ọmọ náà, òun náà ló ń rán an ní ìwé. Kò sí nǹkan mìíràn.

Ìgbà náà ni Onoriode yọjú.

Àbúrò Ovie ni, ọmọ bàbá kan náà. Inú ìlú Sàpẹ́lẹ̀ ló dàgbà sí, kò mọ oko, kò mọ omi. Lọ́dọ̀ àwọn tó ń gba ẹrù jáde ní wáàfù ló ti ń ṣiṣẹ́, ní ọ́fíìsì kan ní Warehouse Road, táì kì í kúrò lọ́rùn rẹ̀. Ó wá sí etí omi, ó ní igi bàbá òun ni, ẹ̀gbọ́n òun ló gbẹ́ ẹ, nítorí náà ogún òun ni. Ó fẹ́ gbé ọkọ̀ náà fún àwọn tó ń wa yanrìn.

Mi ò ní purọ́ mọ́ ọn. Igi bàbá rẹ̀ ni lóòótọ́. Ó sunkún ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lóòótọ́, mo rí i níbi ìsìnkú. Nínú àṣà ilé wọn, ìyàwó kì í jogún ọkọ. Ọ̀rọ̀ tí ènìyàn méjì lè jókòó sọ ni, kí wọ́n bínú, kí wọ́n pariwo, kí àgbà là á fún wọn.

Àgbà náà sì wà. Bàbá Ebinimi, ọmọ Ìjọ́, ni olórí àwọn ọlọ́kọ̀ ní Marine Beach. Bí ẹni méjì bá ń jà lórí ọkọ̀, ó ní òpó kan tó rì mọ́lẹ̀ nínú omi níwájú ilé rẹ̀. Ibẹ̀ ni wọ́n á so ọkọ̀ mọ́, àjẹ̀ á wà nínú yàrá bàbá, ẹnikẹ́ni ò ní fọwọ́ kàn án títí tí ẹlẹ́rìí àwọn méjèèjì yóò fi dé. Bó ṣe ṣe nìyẹn. Ó so ọkọ̀ Morádéún mọ́ òpó, ó ní kí a retí àwọn àgbà láti ìlú Ovie.

"Ọkọ̀ á wà nínú omi," bàbá wí. "Ẹjọ́ ni kó wà lókè."

Ọ̀rọ̀ náà ìbá ti tán síbẹ̀, bí kì í bá ṣe àrùn kan tó ń ṣe wá ní Ajégúnlẹ̀. Àrùn náà ni pé ẹni tó bá kọ́kọ́ dé tẹ́ṣàn ló jàre. Obìnrin méjì á jà lórí okùn tí wọ́n ń sá aṣọ sí. Kí ẹ tó mọ̀, àwọn méjèèjì ti ń sáré, ọ̀kan ń ró ìró rẹ̀ lọ́nà, èkejì ti bọ́ bàtà kí ẹsẹ̀ rẹ̀ lè yá. Ẹni tó bá kọ́kọ́ fọwọ́ kan káńtà, òun ni ẹni tí wọ́n ṣẹ̀. Ẹni tó dé lẹ́yìn ti di ọ̀daràn. "Na who first report get case," bí àwọn ọmọ àdúgbò ṣe máa ń wí nìyẹn, tí wọ́n á sì máa rẹ́rìn-ín. Kò sẹ́ni tó ń béèrè pé ta ló fi ọlọ́pàá jẹ adájọ́. Àwa la fi wọ́n jọba, àwa la tún ń sunkún pé wọ́n ń jọba lé wa lórí.

Onoriode kò dúró de ẹlẹ́rìí. Ó sáré lọ sí tẹ́ṣàn, ó ní ìyàwó ẹ̀gbọ́n òun jí ọkọ̀ òun.

Wọ́n dé ní ọ̀sán gangan, Sájẹ́ǹtì Linus àti àwọn ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀, pẹ̀lú lọ́rì tí Onoriode yá lọ́wọ́ ọ̀gá rẹ̀. Wọ́n ní kí Morádéún bọ́ síwájú. Wọ́n tú ọkọ̀ kúrò lára òpó bàbá. Bàbá Ebinimi jáde, arúgbó tó ń fi ọ̀pá rìn, ó dúró sí ojú ọ̀nà lọ́rì.

"Ọ̀gá, kò sẹ́ni tó jalè níbí," ó ní. "Ẹbí ló ń jà lórí ohun ìní. Mo ti bẹ̀rẹ̀ ẹjọ́ náà."

"Baba, comot for road," Linus wí.

"Ó dáa, tó bá jẹ́ pé ẹ ti mú un nìyẹn, ẹ fi ọlọ́pàá yín kan ṣọ́ ọ nínú omi. Ẹ má gbé e lọ sórí ilẹ̀. Ọkọ̀ yìí ò mọ oòrùn."

"Baba, na exhibit. Exhibit dey sleep for station."

Wọ́n gbé e lọ, wọ́n gbé Morádéún náà lọ. Èmi àti Bàbá Ebinimi la lọ dúró fún un kí wọ́n tó jẹ́ kó padà sílé. Bí a ti ń jáde, mo rí ọkọ̀ náà nínú ọgbà tẹ́ṣàn. Wọ́n dojú rẹ̀ sókè lórí yanrìn, lẹ́gbẹ̀ẹ́ kẹ̀kẹ́ kan tó ti dípẹtà.

Ọkọ̀ igi tó ti gbé inú omi pẹ́, omi ti di ara rẹ̀. Bó bá gbẹ lójijì, igi á fà, òwú á yọ, yóò sì la. Ọmọdé kékeré ní Marine Beach mọ̀ bẹ́ẹ̀. Nítorí náà Morádéún gbé garawa. Láàárọ̀ kó tó jí ṣe ohunkóhun, á pọn omi lọ sí tẹ́ṣàn, á dà á sínú ọkọ̀, á fi àpò ìdọ̀họ tútù bò ó. Lálẹ́, á tún lọ. Ẹni tó ń fi ọkọ̀ gbé ènìyàn gba orí omi wá ń fi orí gbé omi lọ fún ọkọ̀. Àwọn ọlọ́pàá ń fi í rẹ́rìn-ín, wọ́n ní ó ń wẹ ọmọ.

Mo bá a lọ ní ọjọ́ kan tí mi ò lọ síbi iṣẹ́. Ó gbé garawa kalẹ̀, ó lọ bá Linus lẹ́yìn káńtà, ó kúnlẹ̀. Mi ò tíì rí kí Morádéún kúnlẹ̀ fún ẹnikẹ́ni rí.

"Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́, ṣé mo jalè?"

"I no talk say you thief, madam. Na property matter. Kóòtù ló ni ín."

"Tó bá jẹ́ kóòtù ló ni ín, kí ló ń ṣe níbí?"

"Na exhibit."

"Ẹ̀rí kí ni, ọ̀gá?"

"Ẹ̀rí ẹjọ́."

"Ẹjọ́ wo? Ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ní ẹjọ́ yín kọ́ ni."

Linus bẹ̀rẹ̀ sí fi ìka lu káńtà. "Madam, no confuse me."

"Ẹ wá fún mi ní ọkọ̀ mi kí n máa lọ."

"I no fit. We never know who get am."

"Ta ló máa mọ ẹni tó ni ín?"

"Kóòtù."

Kò sẹ́ni tó gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí kóòtù. Onoriode kò ní gbé e lọ, ẹ̀rù ń bà á pé wọ́n á bi í léèrè ọ̀rọ̀. Linus kò ní gbé e lọ, kò sí olè tó fẹ́ fà lé adájọ́ lọ́wọ́. Wọ́n kàn gbé oúnjẹ ọmọ opó sórí yanrìn, wọ́n sì jókòó tì í.

Onoriode fúnra rẹ̀ ló tún wá bà á jẹ́ pátápátá. Ó dé tẹ́ṣàn ní àárọ̀ ọjọ́ kan, ó bá Morádéún níbi tó ti ń da omi. Ó figbe bọnu.

"Officer! Ẹ wò ó o! She wan spoil my property! Omi ló ń ba igi jẹ́, she wan make am rotten kí n má bàa rí i lò!"

Ó gbà á gbọ́ bẹ́ẹ̀, òpè ọkùnrin. Ohun tó ń bí mi jù nìyẹn. Ó rò pé òun ń dáàbò bo ogún òun. Linus ní bí Morádéún bá tún fi ẹsẹ̀ kan ọgbà náà, òun á tì í mọ́lé, torí ó ń fọwọ́ kan ẹ̀rí. Ó da omi inú garawa náà nù, ó dà á sílẹ̀ níbi tí ọkọ̀ kò sí.

Morádéún yí ọwọ́ padà. Ó ń dúró sẹ́yìn ọgbà, ó ń ju omi gba orí ògiri, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ rẹ̀ kì í débẹ̀. Lẹ́yìn náà ni ọyẹ́ dé, ọyẹ́ tó ń la ètè ènìyàn. Mo wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ níta ọgbà ní ọ̀sán ọjọ́ tí a gbọ́ ọ. Ó ró gbàà. Ọlọ́pàá kan sáré jáde, ó rò pé ìbọn ni. Morádéún gbé garawa kalẹ̀ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, ó jókòó lé e lórí.

"Bọ̀ọ̀dá Sànúsí," ó ní, "ó ti kú."

Kò sunkún. Èmi ni mo sunkún, kì í ṣe ti àánú. Mo fẹ́ fọ́ nǹkan.

Kò pẹ́ sí i ni wọ́n gbé ọ̀gá tuntun wá sí tẹ́ṣàn náà, ìnspẹ́kítọ̀ kan. Ó ń yẹ ọgbà rẹ̀ wò, ó rí ọkọ̀ nínú rẹ̀, ó ní kí wọ́n pe gbogbo ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn. A lọ. Ó yí ọkọ̀ náà po, ó wo Onoriode.

"Ta ló jí i?"

"Sà, my brother wife, sà..."

"Ṣé ó wọ ilé rẹ gbé e ni?"

"Rárá, sà. Ogún ni, sà."

"Ogún!" Ó kọjú sí Linus. "Sájẹ́ǹtì, kí ni ogún ń ṣe nínú ọgbà mi? Ọlọ́pàá kì í pín ogún. Bí wọ́n bá ń jà lórí ohun ìní, kóòtù ń bẹ, àwọn àgbà wọn ń bẹ. Bí wọ́n bá fọ́ ara wọn lórí, ìgbà yẹn ni kí wọ́n wá bá wa. Ẹ gbé igi yìí kúrò fún mi lónìí."

Igi ló pè é. Kò ṣì í pè.

Gbogbo ohun tó sọ, òótọ́ ni. Òfin ni. Bàbá Ebinimi tí kò ka ìwé ti sọ ọ́ lójú ọ̀nà lọ́rì kí wọ́n tó tú okùn ọkọ̀. Òótọ́ tó dé lẹ́yìn ìsìnkú, ta ló fẹ́ fi ṣe kí ni? Linus, tí kò mọ ìtìjú, wá bá Morádéún. "Madam, you don win be dat," ó ní. "Carry your property."

Morádéún kò wò ó. Ọ̀gá tuntun ló kọjú sí. "Ọ̀gá, ẹ ṣeun. Ta ni yóò bá mi tún un ṣe?"

Ọkùnrin náà nu ojú rẹ̀. "Mama, ìyẹn náà, ẹ lọ sí kóòtù."

Lọ́rì kò sí mọ́, ọ̀gá Onoriode ti gbà á. Àwa òṣìṣẹ́ wáàfù la gbé ọkọ̀ náà lé èjìká. A gba Warehouse Road kọjá, àwọn akọ̀wé ń yọjú lójú fèrèsé ọ́fíìsì. Ọkùnrin kan bọ́ fìlà rẹ̀ fún wa, ó rò pé òkú la gbé. Onoriode ń tẹ̀lé wa lẹ́yìn lọ́ọ̀ọ́kán, torí Bàbá Ebinimi ti ránṣẹ́ pé kó wá gbọ́ ẹjọ́ rẹ̀.

Bàbá jókòó sí etí omi, ìgò ọtí kan wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀. A gbé ọkọ̀ kalẹ̀. Ó wo ibi tó ti la, láti imú títí dé àárín, ó mi orí.

"Mo ní kí ọkọ̀ wà nínú omi, kí ẹjọ́ wà lókè," ó ní. "Ẹjọ́ rì, ọkọ̀ wá wà lókè. Ó dáa. Ọjọ́ tí Ovie da ọtí sí ọkọ̀ yìí, orúkọ ta ni ẹ gbọ́?"

"Morádéún," gbogbo wa wí. Àgbà tó wá láti ìlú Ovie dìde. Ó ní àwọn náà gbọ́ nílé, Ovie sọ fún bàbá rẹ̀ kó tó gé igi pé ti ìyàwó òun ni, bàbá rẹ̀ sì gbà.

"Ó tán," Bàbá Ebinimi wí. Àkàrà tí obìnrin kan gbé sórí iná nítòsí wa kò tíì pọ́n tí ẹjọ́ náà fi parí.

Onoriode wolẹ̀. "I no know say dem call name," ó ní. "Mi ò mọ̀, bàbá."

"Ṣé o bi ẹnikẹ́ni léèrè?"

Bàbá ní kí a gbé ọkọ̀ fún ẹni tó ni ín. A tì í sínú omi, torí bí a ṣe ń ṣe é nìyẹn. Omi bá ojú ibi tó ti la wọlé. Ìdí rẹ̀ kọ́kọ́ lọ, lẹ́yìn náà ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ tí Morádéún fi ọ̀dà kùn. Imú rẹ̀ nìkan ló ṣẹ́kù lókè.

Morádéún tẹ̀ ba, ó gbé ìgò ọtí lẹ́sẹ̀ bàbá. Ó wọ inú omi, ó rìn títí omi fi dé e ní ìbàdí. Ó da ọtí sí imú ọkọ̀ náà, kò kánjú, títí ìgò fi gbẹ. Ó wá gbé ojú sókè, ó sì pe orúkọ kan ketekete, débi tí àwọn tó wà lókè odò gbọ́.

"Onoriode!"

Ó jáde wá, omi ń kán lára rẹ̀, ó gba àjẹ̀ lọ́wọ́ Bàbá Ebinimi, ó mú un lọ bá àbúrò ọkọ rẹ̀, ó fi lé e lọ́wọ́.

"Gbogbo wọn ti gbọ́," ó ní. "Tìrẹ ni. Kò sẹ́ni tó máa gbé ọ lọ sí tẹ́ṣàn. Wà á."